Igi Tí Wọ́n Wọ́ Lé Ẹjọ́ Wa

Ojú títì tí a ní kí wọ́n má là
ni a gbà dé kóòtù láàárọ̀ ọjọ́ náà,
èmi, ìyá mi, àti ọlọ́kadà kan tí kò mọ nǹkan kan.
Ó ń yin títì: "Ọ̀nà Ìjọ̀kà ti dùn-ún gùn o, Màmá!
Tẹ́lẹ̀, ẹrẹ̀ ni gbogbo ibí yìí."
Ìyá mi ò fèsì.
Ó di fáìlì mú nínú náílọ́ọ̀nù dúdú
bí ẹni gbé ọmọ tí ara rẹ̀ gbóná.

Ọdún mẹ́fà àti oṣù méjì.
Igi obì mọ́kànlá, ogún ìyá tó bí i;
ìkeje ló ń so jù, owó rẹ̀ ló san wáẹ̀kì mi.
Àwọn wọnlẹ̀wọnlẹ̀ fi ọ̀dà pupa kọ nọ́ńbà sí wọn lára.
Lọ́yà Akínsẹ̀hìnwá ní kò sí wàhálà,
ìwé kan ṣoṣo láti Alágbàká yóò dá katapílà dúró.
Ìwé lọ. Ìwé ò bọ̀.
Adájọ́ àkọ́kọ́, wọ́n gbé e lọ sí Òkìtìpupa.
Èkejì ní òun mọ agbaṣẹ́ṣe náà, òun ò lè gbọ́ ọ.
Òṣìṣẹ́ kóòtù daṣẹ́ sílẹ̀, koríko hù lẹ́nu géètì.
Wọ́n sún ẹjọ́ síwájú, wọ́n tún sún un síwájú,
bí ẹni ń sún àga kiri nínú ilé tí òrùlé ń jò.
Katapílà ò sún nǹkan kan síwájú àfi ilẹ̀.
Ọjọ́ Sátidé ló wá, ọjọ́ tí kóòtù kì í jókòó.
Kó tó di ọ̀sán, mọ́kànlá ti di òdo.

Nínú kóòtù kẹrin, fáànù ń yí bí ẹni tó fẹ́ sùn.
Káńsílọ̀ kan láti Ìtaògbólú ló ṣáájú wa,
ó ní òun ló wọlé ìbò;
ọdún mẹ́ta tí wọ́n ń dù ti tán láti oṣù kẹta.
Adájọ́ wọ́gi lé e.
Ọkùnrin kan ní kí wọ́n má sin bàbá òun sílé ìyàwó kékeré;
wọ́n ti sin ín, wọ́n ti lẹ táìsì, ewúrẹ́ ti ń sùn lórí rẹ̀.
Adájọ́ wọ́gi lé e.
Ẹ̀rín pa àwọn èèyàn. Ọkùnrin náà pàápàá rẹ́rìn-ín,
ó wá ṣí fìlà, ó fi nu ojú.

Ó kàn wá.
Ohùn adájọ́ ò le, n ò ní purọ́ mọ́ ọn.
Ó ní, "Màmá, ohun tí ẹ ní ká dá dúró ti dé ibi tó ń lọ.
Ilé ẹjọ́ kì í ti ilẹ̀kùn mọ́ ẹran tó ti jáde.
Kò sí ohun tó kù níwájú wa tí a ó dá.
Mo wọ́gi lé ẹjọ́ yìí. Kí kálukú ru ìnáwó rẹ̀."

Ìyá mi dìde. Akọ̀wé ní kó jókòó, kò jókòó.
"Olúwa mi, igi wo lẹ wọ́ lé e?
Mo wá bá yín nítorí igi, ẹ ní igi ò sí mọ́.
Èyí tí ẹ wọ́ lé ẹjọ́ mi yìí, níbo lẹ ti rí i?
Ẹ jẹ́ n mú un lọ sílé."

Lọ́yà wa ń wo bàtà rẹ̀.
Adájọ́ bọ́ awò ojú, ó nù ún, ó tún nù ún.
"Ẹ pe èyí tó kàn."

Ọ̀kadà mìíràn la gùn padà, títì kan náà.
Lẹ́yìn ilé epo, ká tó dé ṣọ́ọ̀ṣì Kérúbù,
ọ̀dà ti wú sókè díẹ̀,
ó là wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́ bí ẹsẹ̀ àgbẹ̀.
Ọlọ́kadà bẹ̀rẹ̀ èébú: "Iṣẹ́ jìbìtì! Ọdún mélòó ni wọ́n ṣe é?"
Agbaṣẹ́ṣe ló ń bú. Kò mọ gbòǹgbò.
Ìyá mi fọwọ́ tọ́ ọ léjìká.
"Rọra," ó ní, "nọ́ńbà keje nìyẹn."